Orí Keje: Gilbert Fowler àti Gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ Tí Wọn Kò Dà Nù

Ibi tí omi wa ń lọ

Èkó kò ní ọ̀pá ẹ̀gbin tó so gbogbo ìlú pọ̀. Olúkúlùkù onílé ló ń wá ibi tí ìgbẹ́ àti omi ìwẹ̀ ará ilé rẹ̀ yóò máa lọ. Ní Òṣòdì, ní Máfolúkù, títí dé Ìsọlọ̀, sọ́kàwéè ni ọ̀pọ̀ ilé gbẹ́ sẹ́yìnkùlé; ṣáláńgá kò sì tíì tán nílẹ̀. Bí ihò bá kún, ọkọ̀ tó ń fa ìgbẹ́ ni wọ́n ń pè. Ọ̀pọ̀ ọdún ni irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ fi ń kó ẹrù rẹ̀ lọ sí Ìddó, tó ń dà á sínú ọ̀sà bó ṣe fà á. Kí ọkọ̀ tó dé, agbépòó ló ń ṣe iṣẹ́ náà lóru, garawa lórí. Àwọn ọmọdé kì í bú u, nítorí wọ́n gbọ́ pé ẹnu ọ̀nà ilé ẹni tó bá bú u ni yóò da ẹrù rẹ̀ sí.

Àwọn àgbà tún rántí wolé-wolé, tó ń yọjú sínú àmù àti sẹ́yìn ilé onílé láti wo ẹ̀gbin. Dókítà Isaac Ladipo Oluwole, tó kàwé ìṣègùn ní Glasgow, tó sì jẹ́ adúláwọ̀ àkọ́kọ́ tó di olórí ètò ìlera ìlú Èkó, wà lára àwọn tó sọ iṣẹ́ wolé-wolé di iṣẹ́ tí ènìyàn ń lọ kọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ ní Yábàá. Ṣùgbọ́n wolé-wolé kò lè ṣe ju pé kí ó ní kí ẹ kó ẹ̀gbin kúrò nílẹ̀ lọ. Ibi tí ẹ̀gbin dé lẹ́yìn náà, ọ̀rọ̀ mìíràn nìyẹn, òun sì ni ọ̀rọ̀ orí yìí.

Òkè-Àfà ní Ìsọlọ̀ wà lára ìwọ̀nba ibi tó yàtọ̀ díẹ̀. Ibẹ̀ ni ọ̀kan nínú àwọn àdúgbò ilé Jákàńdè wà, àwọn ilé tí ìjọba Alhaji Lateef Jakande kọ́ fún mẹ̀kúnnù láàárín 1979 sí 1983. Ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó ní ilé-iṣẹ́ ìtọ́jú omi ẹ̀gbin níbẹ̀, bó ṣe ní i ní Abẹ́sàn. Kí ni wọ́n ń fi omi ẹ̀gbin ṣe nínú irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ tó fi lè jáde ní omi tí a lè dà sódò láì pa ẹja? Ìdáhùn náà wá láti inú ìgò kan ní Manchester, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó sì gba ọwọ́ ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Gilbert John Fowler.

Ìlú aláṣọ kan àti odò rẹ̀

Wọ́n bí Fowler ní 1868. Ó kọ́ ẹ̀kọ́ kẹ́mísírì ní Owens College, ilé ẹ̀kọ́ tó di Yunifásítì Manchester lẹ́yìn náà, kó tó gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ìjọba ìlú náà ní ẹ̀ka tó ń bójú tó odò. Iṣẹ́ tí ọ̀pọ̀ onímọ̀ yóò dí imú sá fún ni. Manchester nígbà náà ni ojúkò òwò aṣọ òwú láyé, ilé-iṣẹ́ aṣọ sì pọ̀ níbẹ̀. Ìsọlọ̀ náà mọ irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, nítorí Aswani àti Afprint hun aṣọ níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọjà Aswani tí à ń ná lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun sì ṣì ń jẹ́ orúkọ ọ̀kan nínú wọn. Aláṣọ a máa lo omi púpọ̀: omi ìfọ̀, omi aró, omi ẹ̀kọ tí wọ́n fi ń mú òwú le. Gbogbo rẹ̀, pẹ̀lú ìgbẹ́ ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹgbẹ̀rún ènìyàn, ń ṣàn lọ sínú odò Irwell àti odò Mersey.

Ní 1894, Manchester ṣí ilé-iṣẹ́ ìtọ́jú omi ẹ̀gbin sí Davyhulme. Ọdún yẹn gan-an ni wọ́n ṣí kánààlì ńlá tí ọkọ̀ òkun ń gbà wọ ìlú náà, inú kánààlì yìí sì ni omi Davyhulme ń dà sí. Kò pẹ́ tí ó fi hàn pé omi náà kò mọ́ tó. Ìgbìmọ̀ tó ń ṣọ́ odò Mersey àti Irwell gbé ìjọba ìlú lọ sílé ẹjọ́. Ẹ kíyè sí i pé ìjọba kan ló pe ìjọba mìíràn lẹ́jọ́ nítorí odò. Èmi kò rò pé ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì orí yìí ì bá yára tó bẹ́ẹ̀ ká ní kò sí ẹjọ́ náà.

Kí ni àwọn onímọ̀ ìgbà yẹn mọ̀? Wọ́n mọ̀ pé kòkòrò àìfojúrí ló ń jẹ ẹ̀gbin inú omi. Donald Cameron ti gbé táǹkì abẹ́ ilẹ̀ kalẹ̀ ní Exeter ní 1895, níbi tí kòkòrò tí kò fẹ́ afẹ́fẹ́ ti ń jẹ ìgbẹ́ nínú òkùnkùn. Táǹkì tó wà níwájú sọ́kàwéè yín jẹ́ ìbátan tirẹ̀. Ṣùgbọ́n ìdajì iṣẹ́ ni táǹkì yìí ń ṣe. Omi tó ń jáde níbẹ̀ ṣì ń rùn, kò sì yẹ kó dé inú kànga. Láti parí iṣẹ́, wọ́n ń da omi sórí òkítì òkúta tàbí iyanrìn, kí kòkòrò tó fẹ́ afẹ́fẹ́, tó lẹ̀ mọ́ ara òkúta, lè jẹ ìyókù. Ọ̀nà yìí dára. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ púpọ̀ ló ń gbà. Ìlú tó ń gbòòrò sí i lọ́dọọdún kò lè máa ra ilẹ̀ kún ilẹ̀ nítorí ìgbẹ́.

Ìwọ̀n tí wọ́n fi ń mọ omi tó mọ́ náà ti ọdún wọ̀nyẹn wá. Ìgbìmọ̀ ọba kan tó jókòó láti 1898 sí 1915 sọ ní 1912 pé omi tí a tọ́jú kò gbọdọ̀ ní ju mílígíráàmù 30 pàǹtírí lọ nínú lítà kan, àti pé ọ́síjìn tí ẹ̀gbin inú rẹ̀ yóò jẹ láàárín ọjọ́ 5 kò gbọdọ̀ ju mílígíráàmù 20 lọ nínú lítà kan. Èkejì yìí ni a ń kọ ní BOD títí di òní. Ohun tó ń sọ ni pé: bí omi yìí bá dé inú odò, mélòó ni yóò gbà lára afẹ́fẹ́ tí ẹja ń mí? Ìgbìmọ̀ náà gbà pé odò tí omi ń dà sí yóò pọ̀ ju omi náà lọ ní ìlọ́po 8, ó kéré tán. Ẹ fi èyí sọ́kàn, nítorí a óò padà bi yín léèrè.

Ìgò tó ní àwọ̀ ewé

Ní 1912, wọ́n pe Fowler sí Amẹ́ríkà láti wá wo ẹ̀gbin inú omi èbúté New York. Nígbà tó wà lọ́hùn-ún, ó yà sí Lawrence, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts, níbi tí ibùdó àyẹ̀wò omi kan ti wà láti 1887. Àwọn onímọ̀ ibẹ̀ ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú omi ẹ̀gbin nínú ìgò. Fífẹ́ afẹ́fẹ́ sí omi kì í ṣe tuntun. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ti dán an wò, wọ́n sì ti pa á tì nítorí pé ó lọ́ra. Ohun tí Fowler rí ni pé nínú ìgò kan tí nǹkan aláwọ̀ ewé ti lẹ̀ mọ́ ara rẹ̀ nínú, omi tètè ń mọ́.

Ó padà sílé, ó sì sọ ohun tó rí fún àwọn ọ̀dọ́ onímọ̀ méjì tó ń ṣiṣẹ́ ní Davyhulme, Edward Ardern àti William Lockett, pé kí wọ́n dán irú rẹ̀ wò. Iṣẹ́ Fowler nínú ìdánwò náà kò ju báyìí lọ: ó rí nǹkan, ó mọ̀ pé ohun tó rí ṣe pàtàkì, ó sì mọ ẹni tí yóò gbé e lé lọ́wọ́.

Ardern àti Lockett bu omi ẹ̀gbin Manchester sínú ìgò, wọ́n sì ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sí i. Wọ́n fi bébà aláwọ̀ ilẹ̀ wé ìgò náà kí ìmọ́lẹ̀ má baà wọlé, kí nǹkan aláwọ̀ ewé tí Fowler rí má baà hù. Bí ìyípadà bá ṣẹlẹ̀, wọ́n fẹ́ mọ̀ pé kòkòrò inú ẹ̀gbin ló ṣe é, kì í ṣe ewéko. Ọ̀sẹ̀ 5 gbáko ni ìgò àkọ́kọ́ gbà kí gbogbo amóníà inú rẹ̀ tó di náítíréètì, èyí tó ń fi hàn pé iṣẹ́ parí. Ta ni yóò da omi ìlú ńlá sínú táǹkì fún ọ̀sẹ̀ 5?

Ibí yìí ni àwọn tó ṣáájú wọn máa ń da gbogbo rẹ̀ nù, tí wọn a fọ ìgò, tí wọn a bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun. Ardern àti Lockett kò ṣe bẹ́ẹ̀. Wọ́n jẹ́ kí ìgò náà tòrò, wọ́n rọra da omi mímọ́ orí rẹ̀ kúrò, wọ́n sì fi gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ ìsàlẹ̀ sílẹ̀. Wọ́n bu omi ẹ̀gbin tuntun lé e lórí, wọ́n tún fẹ́ afẹ́fẹ́ sí i. Àkókò tó gbà dín kù. Wọ́n tún dà á, wọ́n tún fi gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ sílẹ̀. Ó tún dín kù. Bí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ náà ṣe ń pọ̀ ni iṣẹ́ ń yá, títí tí ohun tó gba ọ̀sẹ̀ 5 fi parí láàárín ọjọ́ kan, tó sì tún wá dín sí wákàtí mélòó kan.

Ìyá tó ń ṣe ògì mọ ìdí. Bí ó bá da omíkan àná díẹ̀ mọ́ àgbàdo tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ̀, ògì tuntun kì í pẹ́ kan, nítorí pé àwọn tó máa ṣiṣẹ́ ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Àwọn onímọ̀ FIIRO, ilé-iṣẹ́ ìwádìí ìjọba àpapọ̀ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Òṣòdì ní 1956, lo ọ̀pọ̀ ọdún láti mọ irú kòkòrò tó ń mú ògì àti gàrí kan. Gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ Davyhulme kì í ṣe ìdọ̀tí lásán. Bí a bá wò ó lábẹ́ ẹ̀rọ awò-ńlá, ọ̀pọ̀lọpọ̀ bakitéríà la ó rí tí wọ́n so mọ́ra wọn ní ìṣù wẹ́wẹ́, pẹ̀lú àwọn ẹ̀dá onísẹ́ẹ̀lì kan tó tóbi jù wọ́n lọ tí ń jẹ èyí tó bá ya ara rẹ̀ sọ́tọ̀. Nítorí pé wọ́n wà ní ìṣù, wọ́n wúwo, wọ́n sì ń rì. Ohun tó mú kí ọ̀nà yìí ṣeé ṣe nìyẹn: aṣiṣẹ́ tó lè rì sísàlẹ̀, tí a sì lè kó padà sẹ́nu iṣẹ́. Nínú ìwé yìí a óò máa pè é ní gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ alààyè.

Ní ọjọ́ 3 oṣù kẹrin ọdún 1914, Ardern àti Lockett ka iṣẹ́ wọn fún ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀ kẹ́mísírì ilé-iṣẹ́ ní Grand Hotel ní Manchester. Ọdún méjì péré lẹ́yìn náà, ní 1916, ilé-iṣẹ́ ńlá tó ń lo ọ̀nà yìí ti ń ṣiṣẹ́ ní ìlú Worcester. Ogun àgbáyé àkọ́kọ́ ń jà lọ́wọ́. Àwọn ohun ìjà tí wọ́n hùmọ̀ láàárín ọdún wọ̀nyẹn gba ojú ewé ìwé ìtàn tán. Ìgò tí wọ́n fi bébà wé kò rí ààyè.

Bí a ṣe ń kọ́ ọ lónìí

Ilé-iṣẹ́ tó ń lo gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ alààyè ní táǹkì pàtàkì méjì. Nínú àkọ́kọ́, omi ẹ̀gbin àti gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ ń pòpọ̀, ẹ̀rọ sì ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sí wọn láti ìsàlẹ̀ tàbí kí ó máa ru omi sókè. Bakitéríà ń jẹ ẹ̀gbin, wọ́n ń mí ọ́síjìn, wọ́n sì ń pọ̀ sí i. Nínú èkejì, kò sí ìrugùdù. Omi dúró jẹ́ẹ́, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ rì, omi tó mọ́ sì ṣàn jáde lókè. Pọ́ǹpù kan ń gbé gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ láti ìsàlẹ̀ táǹkì kejì padà sí àkọ́kọ́. Pọ́ǹpù yìí ló dípò ọwọ́ Ardern àti Lockett.

Nítorí pé bakitéríà ń bí sí i, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ yóò pọ̀ jù bí a kò bá ń yọ díẹ̀ kúrò. Bí a bá yọ ọ́ jù, àwọn tó ń sọ amóníà di náítíréètì, tí wọn kì í tètè bí sí i, yóò tán nínú táǹkì. Bí a kò bá yọ ọ́ tó, táǹkì kejì yóò kún àkúnwọ́sílẹ̀, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ yóò sì bá omi jáde lọ sódò. Olùtọ́jú tó mọ iṣẹ́ a máa wo ìgò kan lójoojúmọ́: yóò bu omi láti inú táǹkì àkọ́kọ́, yóò gbé e kalẹ̀ fún ìdajì wákàtí, yóò wo ibi tí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ rì dé. Kò sí kọ̀ǹpútà tó tíì sọ àyẹ̀wò yìí di ohun àtijọ́.

Ta ló ni í?

Àríyànjiyàn wà lórí ẹni tó yẹ kí a fún ní ìyìn. Ọ̀pọ̀ ìwé ń kọ orúkọ Ardern àti Lockett nìkan, torí àwọn ló fọwọ́ kan ìgò. Àwọn ará Lawrence ní àwọn ni wọ́n kọ́kọ́ fẹ́ afẹ́fẹ́ sí i. Mo fi orúkọ Fowler sí àkọlé orí yìí nítorí pé òun ló so ibi méjèèjì pọ̀, àti nítorí ibi tó lọ lẹ́yìn náà, èyí tó kàn wá. Ṣùgbọ́n akẹ́kọ̀ọ́ tó bá kọ ọ́ sínú ìdánwò pé Fowler nìkan ló ṣe é, kò gba máàkì.

Ti owó yàtọ̀. Ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ kan ní Stourbridge, Jones and Attwood, ló gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí àwọn táǹkì àti ẹ̀rọ rẹ̀. Nígbà tí àwọn ìlú Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ tiwọn, ilé-iṣẹ́ tó di ẹ̀tọ́ náà mú gbé wọn lọ sílé ẹjọ́. Milwaukee jẹ̀bi láàárín àwọn ọdún 1930. Ìlú yìí kan náà ló ti ń gbẹ gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ rẹ̀ láti 1926, tó sì ń tà á ní àpò ní ajílẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Milorganite. Wọ́n ṣì ń tà á.

Láti Bangalore dé Ìbàdàn

Ní 1916, Fowler fi Manchester sílẹ̀ lọ sí Íńdíà, sí Indian Institute of Science ní Bangalore, níbi tó ti di ọ̀jọ̀gbọ́n tó sì jẹ́ olórí ẹ̀ka ìmọ̀ bàókẹ́mísírì ní ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ìgbà tó débẹ̀, ohun tó gbà á lọ́kàn yí díẹ̀. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, bí wọn yóò ṣe bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀gbin ni wọ́n ń rò. Ní Íńdíà, ó rí àgbẹ̀ tí kò rí ajílẹ̀ rà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìlú tó ń da náítírójìn sódò lójoojúmọ́. Ìwé tó tẹ̀ jáde ní 1934 dá lé bí a ṣe lè pa náítírójìn mọ́ kó má ṣòfò. Ó kú ní 1953.

Ní ẹ̀ka tó fi sílẹ̀ ní Bangalore, V. Subrahmanyan àti S. C. Pillai tẹ̀síwájú lórí gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ alààyè. Àwọn ni wọ́n sọ ní àwọn ọdún 1940 pé àwọn ẹ̀dá onísẹ́ẹ̀lì kan inú rẹ̀ kì í ṣe àlejò, pé wọ́n ní iṣẹ́ pàtàkì nínú sísọ omi di mímọ́. Ọ̀kan nínú àwọn tó bá Pillai ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ni M. K. C. Sridhar, tó wá di olùkọ́ ní Yunifásítì Ìbàdàn ní àwọn ọdún 1970, tó sì di ọ̀jọ̀gbọ́n ìlera àyíká níbẹ̀. Báyìí ni ẹ̀kọ́ Davyhulme ṣe rin ìrìn àjò gba Bangalore dé ilẹ̀ Yorùbá, láti ọ̀dọ̀ olùkọ́ sí ọ̀dọ̀ ọmọ ẹ̀kọ́. Ní Bódìjà, ó wà lára àwọn tó fi pàǹtírí ọjà àti ìgbẹ́ màlúù ṣe ajílẹ̀ tí wọ́n sọ ní Pacesetter.

Sridhar bá ọ̀jọ̀gbọ́n kan nílé, P. A. Oluwande, ẹni tó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ Yorùbá mọ̀ ju bí wọ́n ṣe mọ̀ ọ́n lọ. Oluwande kò lọ wá táǹkì tó ń jẹ iná mànàmáná. Àwọn agbo ilé àtijọ́ ní àárín Ìbàdàn ló lọ wò, níbi tí ilé sún mọ́ ilé tí ọkọ̀ kò lè wọ̀, tí ẹbí kan náà sì ń gbé pọ̀. Láàárín àwọn ọdún 1970, ibẹ̀ ni wọ́n kọ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àjùmọ̀lò sí, tí agbo ilé fúnra rẹ̀ dáwó sí tó sì ń bójú tó. Ìgbẹ́ ń gba inú ọ̀pá kúkurú bọ́ sínú táǹkì tó kún fún omi; ẹnu ọ̀pá náà wà lábẹ́ omi, nítorí náà òórùn àti eṣinṣin kò rí ọ̀nà gbà jáde. Ilé ìwẹ̀ àti ibi ìfọṣọ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Omi ibẹ̀ ló ń mú kí táǹkì máa kún. Oluwande àti Sridhar pẹ̀lú àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn tẹ ìwádìí kan jáde ní 1983 lórí bí ẹ̀gbin ti pọ̀ tó nínú àwọn odò kan ní Nàìjíríà. Ọdún márùn-ún kí ìjọba àpapọ̀ tó dá FEPA, àjọ tó ń bójú tó àyíká nígbà náà, sílẹ̀ nìyẹn, ìdí tí wọ́n sì fi dá a sílẹ̀ ni májèlé òkèèrè tí wọ́n dà sí ìlú Koko. Òfin tó fi ìwọ̀n sí omi tí ilé-iṣẹ́ ń dà síta kò dé títí di 1991.

Afẹ́fẹ́, iná àti ooru

Ní Manchester, òtútù ni ọ̀tá. Ní Ìsọlọ̀, ooru ń ràn wá lọ́wọ́ lápá kan, ó sì ń dí wa lọ́wọ́ lápá kejì. Bí omi bá gbóná sí i ní ìwọ̀n 10 lórí òṣùwọ̀n Celsius, iṣẹ́ bakitéríà ń fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì. Èrè nìyẹn. Ṣùgbọ́n omi tó wà ní ìwọ̀n 20 lè gba mílígíráàmù 9.1 ọ́síjìn sínú lítà kan, nígbà tí èyí tó wà ní 30 kò lè gbà ju 7.6 lọ. Bakitéríà wa ń yára jẹun, afẹ́fẹ́ tí wọn yóò mí kò sì tó ti Manchester.

Ẹ̀rọ tó ń fẹ́ afẹ́fẹ́ náà sábà máa ń jẹ nǹkan bí ìdajì gbogbo iná tí irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ń lò. Bí iná bá lọ tí kò sì sí jẹnẹrétọ̀, bakitéríà yóò jẹ ọ́síjìn inú táǹkì tán láìpẹ́. Bí ó bá di ọjọ́ mélòó kan, àwọn tó nílò afẹ́fẹ́ yóò máa kú, òórùn yóò bẹ̀rẹ̀, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ yóò léfòó dípò kó rì. Nígbà tí iná bá padà, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ tuntun kì í dàgbà lọ́jọ́ kan. Nítorí náà, èrò mi ni pé kí ìlú tí iná rẹ̀ kò dúró tó kọ́ irú ilé-iṣẹ́ yìí, kó kọ́kọ́ ro owó dísẹ́ẹ̀lì ogún ọdún, kó tó ro owó sìmẹ́ńtì.

Ọ̀nà mìíràn wà. Ní àwọn ọdún 1970, ní Wageningen ní ilẹ̀ Netherlands, Gatze Lettinga hùmọ̀ táǹkì tí omi ẹ̀gbin ń gba ìsàlẹ̀ wọ̀, tó ń gba àárín gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ kọjá lọ sókè. Kòkòrò tí kò fẹ́ afẹ́fẹ́ ló ń ṣiṣẹ́ nínú rẹ̀, nítorí náà kò nílò ẹ̀rọ tí yóò fẹ́ afẹ́fẹ́, ó sì ń mú gáàsì tó ṣeé dáná jáde. Ooru ilẹ̀ wa bá a mu gan-an. Òun náà, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ tí a kò dà nù ló gbẹ́kẹ̀ lé. Lettinga kọ̀ láti gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí rẹ̀, kí àwọn orílẹ̀-èdè tí kò lówó lè lò ó lọ́fẹ̀ẹ́. Accra kọ́ ọ̀kan sétí ọ̀sà Korle. Ó dẹnu kọlẹ̀ láàárín ọdún díẹ̀, wọ́n sì ní láti tún un ṣe. Táǹkì tí kò jẹ iná púpọ̀ ṣì nílò ẹni tí yóò máa gbá ìdọ̀tí kúrò lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀.

Kánààlì Òkè-Àfà

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ 27 oṣù kìíní ọdún 2002, bọ́ǹbù bẹ̀rẹ̀ sí í bú ní bárékè ológun ní Ìkẹjà. Àwọn ènìyàn sá, ọmọ lẹ́yìn, òru ń ṣú. Ọ̀pọ̀ nínú wọn sá dé kánààlì Òkè-Àfà. Ewéko hyacinth ti bo ojú omi, ó sì dà bí ilẹ̀ koríko lójú ẹni tó ń sá nínú òkùnkùn. Ó lé ní 1,000 ènìyàn tó kú nínú ìṣẹ̀lẹ̀ náà, púpọ̀ nínú wọn nínú omi yẹn. Ìwé sáyẹ́ǹsì kọ́ ni yóò sọ gbogbo ohun tó fa ikú wọn, ọ̀rọ̀ bọ́ǹbù ló sì ṣáájú. Apá tó kàn wá ni ewéko náà.

Hyacinth kì í ṣe ewéko ilẹ̀ wa. Gúúsù Amẹ́ríkà ló ti wá, ó sì gba omi Benin wọ Bàdágìrì ní 1984. Kì í hù dáadáa nínú omi tí kò ní oúnjẹ. Oúnjẹ rẹ̀ ni náítírójìn àti fọ́sífọ́rọ́ọ̀sì, méjèèjì sì kún inú ìgbẹ́, ìtọ̀ àti omi ọṣẹ. Ẹ rántí pé ìgò Davyhulme sọ amóníà di náítíréètì. Náítíréètì kì í rùn, kì í sì í pa ẹja bí amóníà, ṣùgbọ́n náítírójìn ṣì wà nínú rẹ̀, ewéko sì ń jẹ ẹ́. Omi tó yege gẹ́gẹ́ bí ìwọ̀n 1912 lè máa bọ́ hyacinth síbẹ̀. James Barnard, ọmọ South Africa, ló fi hàn láàárín àwọn ọdún 1970 bí a ṣe lè to àwọn táǹkì, àwọn kan pẹ̀lú afẹ́fẹ́, àwọn kan láìsí afẹ́fẹ́, kí bakitéríà lè yọ náítírójìn àti fọ́sífọ́rọ́ọ̀sì kúrò láì lo kẹ́míkà púpọ̀. Orí Kẹjọ yóò ṣàlàyé rẹ̀.

Ìṣirò tí a ṣe fún àpẹẹrẹ

Jẹ́ kí á gbà pé 40 ènìyàn ń gbé ilé face-me-I-face-you kan ní Máfolúkù, pé BOD tó ń ti ara ẹnì kọ̀ọ̀kan jáde jẹ́ gíráàmù 45 lójúmọ́, àti pé ẹnì kọ̀ọ̀kan ń lo lítà 80 omi.

BOD gbogbo ilé: 40 × 45 = gíráàmù 1,800 lójúmọ́.
Omi gbogbo ilé: 40 × 80 = lítà 3,200 lójúmọ́.
Ìwọ̀n inú lítà kan: 1,800 ÷ 3,200 = gíráàmù 0.5625, ìyẹn mílígíráàmù 562.5.
Láti dé mílígíráàmù 20, a gbọ́dọ̀ mú 542.5 kúrò nínú 562.5, ìyẹn nǹkan bí 96.4 nínú ọgọ́rùn-ún.

Táǹkì sọ́kàwéè nìkan kò lè ṣe é.

Iṣẹ́ ṣíṣe

Ẹ má ṣe bu omi kánààlì tàbí omi gọ́tà wá sí kíláàsì. Ẹ wá ìgò méjì tó mọ́, kí ẹ sì da ògì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ̀ àti omi mímọ́ sínú méjèèjì ní ìwọ̀n kan náà. Ẹ fi ṣíbí omíkan àná mẹ́ta sí ọ̀kan, kí ẹ kọ «A» sára rẹ̀. Ẹ kọ «B» sára èkejì. Ẹ fi bébà lítímọ́ọ̀sì àti imú yín yẹ̀ wọ́n wò láàárọ̀ àti lálẹ́ títí méjèèjì yóò fi kan. Ẹ da omi orí «A» kúrò, ẹ fi ìsàlẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀, ẹ da ògì tuntun lé e, kí ẹ tún ka wákàtí. Ẹ ya àwòrán ohun tí ẹ rí.

Ìbéèrè

1. Kí nìdí tí Ardern àti Lockett fi bébà wé ìgò wọn? Kí ni ì bá ṣòro láti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ ká ní wọn kò ṣe bẹ́ẹ̀?

2. Pọ́ǹpù tó ń dá gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ padà bàjẹ́ ní ilé-iṣẹ́ kan, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ ṣì ń ṣiṣẹ́. Ṣàlàyé ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ nínú táǹkì méjèèjì láàárín ọjọ́ mẹ́ta.

3. Tún ìṣirò òkè yìí ṣe bí omi bá wọ́n, tí ẹnì kọ̀ọ̀kan kò sì rí ju lítà 40 lò lójúmọ́. Ǹjẹ́ ẹ̀gbin pọ̀ sí i ni, àbí omi ló dín kù?

4. Ìgbìmọ̀ 1912 gbà pé odò yóò pọ̀ ju omi tó ń dà sínú rẹ̀ lọ ní ìlọ́po 8. Lọ wo kánààlì tó sún mọ́ ọ jù lọ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Dúró lórí afárá, má sọ̀ kalẹ̀. Ṣé ìwọ̀n 20 náà tó fún irú kánààlì bẹ́ẹ̀?

5. A fún ọ ní owó láti kọ́ ilé-iṣẹ́ ìtọ́jú kan ṣoṣo fún àdúgbò rẹ. Mú ọ̀kan nínú ọ̀nà Fowler àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ọ̀nà Oluwande, àti ọ̀nà Lettinga. Sọ ìdí tí o fi mú un, kí o sì dárúkọ ẹni tí yóò máa san owó ìtọ́jú rẹ̀ lóṣooṣù.